Ohùn Safiyyah Lẹ́nu Àwọn Iwin

"Bùlè gìdó!"

Bí Abdulhaleem ṣe wọ kíláàsì ni àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ pariwo kí i. Ní èdè àwọn iwin inú ìtàn kan, "fún mi lómi" ni ìtumọ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n ti sọ ọ́ di ìkíni.

Abdulhaleem ló ń kọ ìtàn àwọn iwin náà sórí íńtánẹ́ẹ̀tì láti ilé wọn ní Tanke. Àwọn tó ń kà á ti pọ̀ dé Ìbàdàn, wọ́n sì ń ṣa èdè iwin jọ sínú ìwé atúmọ̀. Ẹniọlá, ọmọbìnrin kan ní kíláàsì rẹ̀, ni olórí wọn. Òfin rẹ̀ le: ọ̀rọ̀ tí kò bá ní ohùn tí a gbà sílẹ̀ kò gbọdọ̀ wọlé.

"Ọpọlọ ẹ pé o, Haleem!" ni wọ́n máa ń sọ.

Ọpọlọ wo? Kò dá ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo sílẹ̀ rí. Ẹnu àbúrò rẹ̀ ló ti ń jí wọn.

Safiyyah pé ọmọ ọdún mẹ́fà kó tó fọhùn. Nígbà tó máa fọhùn, èdè tara rẹ̀ ló bá dé. Omi ni bùlè. Ìyá wọn ni wímà. Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ pe wímà, ìyá wọn, tó ń ránṣọ ní àdúgbò Táíwò, sunkún ayọ̀, ó sì ṣe sàárà fún àwọn ọmọ kéwú àdúgbò. Dókítà ní ọ̀rọ̀ yòókù á máa bọ̀ díẹ̀díẹ̀, kí wọ́n ṣáà má dẹ́rù bà á.

Lọ́jọ́ kan Ẹniọlá ní, "Haleem, a ò tíì ní ọ̀rọ̀ ẹ̀rù o. Kí ni iwin máa ń ké bí ẹ̀rù bá bà á? Àwọn èèyàn ń retí ẹ."

Ó lè ní òun kò mọ̀. Ṣùgbọ́n ìyìn ti wọ̀ ọ́ lẹ́jẹ̀. Nígbà tó délé, tí ìyá wọn ò sí nílé, ó ti Safiyyah mọ́ yàrá tí wọ́n ń kó ẹrù sí, ó pa iná, ó na fóònù sẹ́nu ilẹ̀kùn.

"Wímà! Wímà o!"

Abdulhaleem mọ ẹni tí ọmọ náà ń pè. Síbẹ̀, ó dúró kó tún un ké, kó lè dún dáadáa, kó tó ṣílẹ̀kùn.

Ẹniọlá kọ ọ́ sílẹ̀ pé: "Wímà: ẹ̀rù ń bà mí." Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, gbogbo ilé-ìwé ló ń fi ṣeré.

Lọ́jọ́ Sátidé, àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ wá kí i nílé. Safiyyah wà lẹ́nu ọ̀nà. Ó rí ìyá rẹ̀ tó ń bọ̀ lọ́ọ̀ọ́kán, ó sì sáré.

"Wímà!"

"Yéè! Iwin gidi rèé!" Haneef, tó ga jù nínú wọn, ló pariwo bẹ́ẹ̀.

"Èmi ni mo kọ́ ọ lédè iwin," ni Abdulhaleem yára dáhùn.

Wọ́n yí ọmọ náà ká, fóònù lọ́wọ́. Kí ẹ̀rù lè bà á dáadáa, Haneef faṣọ borí, ó ń bú mọ́ ọn. "Tún un sọ! Iwin, tún un sọ!" Abdulhaleem wo ojú àbúrò rẹ̀, ó sì bá wọn rẹ́rìn-ín. Ìyá wọn ló sáré wá já ọmọ gbà.

Láti ọjọ́ náà, Safiyyah kò sọ̀rọ̀ mọ́. Bí òùngbẹ bá ń gbẹ ẹ́, á nawọ́ sí ife. Abdulhaleem jẹ́wọ́ fún Ẹniọlá, ó bẹ̀ ẹ́ kó pa ọ̀rọ̀ náà rẹ́.

"Mo ti pa á rẹ́ níbi tèmi," Ẹniọlá ń sunkún. "Ṣùgbọ́n àwọn ará Ìbàdàn ti dà á kọ. Agbára mi ò ká wọn."

Ìyá wọn gbọ́ gbogbo rẹ̀. Kò lu Abdulhaleem.

"Ṣé ó ṣì wà nínú fóònù ẹ?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"Tẹ̀ ẹ́ kí n gbọ́."

Igbe náà jáde. Safiyyah di etí rẹ̀ méjèèjì, ó sá wọ abẹ́ ibùsùn.

"Èmi ló ń pè," ni ìyá wọn ń wí. "Èmi ló ń pè, mi ò sì sí nílé."

Ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń wá ìyìn lójú ẹgbẹ́, ẹ má fi ẹkún ẹlòmíràn rà á, pàápàá ẹkún ẹni tí kò lè gba ara rẹ̀ sílẹ̀. Abdulhaleem ti jáwọ́ nínú ìtàn kíkọ, ṣùgbọ́n àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀ràn. Ní Ìbàdàn, àwọn ọmọ tí kò mọ Safiyyah rí ṣì ń fi wímà ṣeré. Wímà fúnra rẹ̀ ń bọ̀ láti Táíwò nírọ̀lẹ́, kò sì sẹ́ni tó ń pè é.