Tábà Lórí Irun Ìyá Àgbà

Nígbà tí ọmọbìnrin Ọ̀jọ̀gbọ́n kọ́kọ́ rí ọkùnrin aláyẹ̀wò tó wá yẹ irun wò, òkú ló ń tẹríba fún, àlùmọ́gàjí lọ́wọ́.

"Ẹ jọ̀ọ́ mà, irun díẹ̀ péré ni mo fẹ́ gé."

Òkú obìnrin ayé àtijọ́ ni, èyí tí wọ́n fi oògùn gbẹ. Ìyá Àgbà ni wọ́n ń pè é nílé ìṣẹ̀ǹbáyé, ọmọ Ọ̀jọ̀gbọ́n ló sì ń tọ́jú rẹ̀.

"Bí wọn ò bá gbà ńkọ́?" ni ọmọ Ọ̀jọ̀gbọ́n bi í.

"Ẹ bá mi bẹ̀ wọ́n. Ẹ kúkú jọ wọ́n."

"Òkú gbígbẹ ni mo jọ?"

Ọkùnrin náà ń họ orí, ọmọ Ọ̀jọ̀gbọ́n sì rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti fẹ́ràn ara wọn.

Ọ̀jọ̀gbọ́n, bàbá obìnrin náà, ló kọ́kọ́ rí tábà lórí irun yìí nígbà tó wà ní ọ̀dọ́. Òdìkejì òkun nìkan ni tábà ń hù láyé Ìyá Àgbà, ó sì ní ó dájú pé àwọn ará àtijọ́ ti fi ọkọ̀ la òkun kọjá. Wọ́n fi í ṣe yẹ̀yẹ́ títí ó fi hu ewú. Àyẹ̀wò tuntun tí wọ́n fẹ́ ṣe sí irun náà ló gbójú lé, ó sì ti ń pe aláyẹ̀wò ní àna.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, aláyẹ̀wò wọlé pẹ̀lú ojú tó rẹ̀wẹ̀sì.

"Mo fọ irun náà kí n tó lọ̀ ọ́. Inú omi tí mo fi fọ̀ ọ́ ni gbogbo tábà wà. Kò sí nínú irun gan-an."

Ó yé obìnrin náà lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Ìkòkò tábà kì í kúrò lẹ́nu bàbá rẹ̀, tó bá sì ń ronú, á ṣí pósí òkú yìí, á dúró síbi orí rẹ̀.

"Èéfín Bàbá ni."

"Tí mo bá sọ ọ́ fún Bàbá, wọn ò ní fi ẹ́ fún mi."

"Tí o bá fi í pa mọ́, olólùfẹ́ mi, èmi gan-an ò ní fẹ́ ẹ."

Òtítọ́ dọ́jà, ó kùtà. Nígbà tí aláyẹ̀wò sọ ọ́ fún Bàbá, Bàbá lé e jáde, kò sì bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ mọ́. Àárò olólùfẹ́ rẹ̀ sọ obìnrin náà, ó ń sunkún bó ṣe ń nu gíláàsì pósí.

Lọ́jọ́ tí aláyẹ̀wò wá dá irun tó kù padà, Bàbá wọlé bá wọn láìsí ìkòkò lẹ́nu.

"Ṣé ìyẹn ni pé ẹnikẹ́ni ò la òkun kọjá?"

"Rárá, Bàbá. Irun yìí ni kò lè sọ fún wa. Ẹ jẹ́ ká jọ wá ibòmíì wò."

Bàbá yíjú sí pósí. "Ìyá Àgbà, ẹ má bínú sí èéfín mi." Ó wá fi ọwọ́ ọmọ rẹ̀ lé ti aláyẹ̀wò. "Ẹni tó sọ òtítọ́ lójú mi ò ní parọ́ fún ọmọ mi."

Aláyẹ̀wò tún tẹríba fún òkú náà.

"Wọ́n ti gbà," ni obìnrin náà sọ sí i létí.