Ojú Ìyá Fẹ́yìsayọ̀ Lára Ògiri

Ojú ìyá ẹ̀ ni wọ́n gbé kọ́ sára ògiri yẹn. Fẹ́yìsayọ̀ gbé abọ́ oúnjẹ tó fẹ́ pín fáwọn òṣèré sílẹ̀, ó sún mọ́ ọn. Rọ́bà ni, wọ́n kùn ún, wọ́n lẹ irun funfun mọ́ ọn. Ilà mẹ́ta wà lẹ́rẹ̀kẹ́ ọ̀tún. Ẹ̀kẹta ti òsì kúrú, torí ìyá ẹ̀ jàjàgbara lọ́wọ́ olóolà nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́. Kò sì sí fọ́tò tó gbé ilà yẹn, ẹ̀rẹ̀kẹ́ ọ̀tún nìkan nìyá ẹ̀ máa ń kọ sí kámẹ́rà.

Inú bí i gan-an. Ẹ wo ìwọ̀sí! Ìyá tó ti wà nínú ilẹ̀ n'Íléṣà láti ọdún méjì, tó jẹ́ pé orí fóònù lòun ti wo ìsìnkú ẹ̀, òun làwọn kan wá sọ di ohun ìṣeré ní Swords, nítòsí Dublin níbí.

Zdenka ló ni fíìmù tí wọ́n ń yà níbẹ̀. Ọmọ ilẹ̀ Ṣẹ́ẹ̀kì ni, ó ti pẹ́ ní Dublin. Òun ló ń darí fíìmù, òun ló ń fọwọ́ ara ẹ̀ ṣe àwọn ojú rọ́bà, òun náà ló tún ń ṣeré nínú ẹ̀. Lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn ni wọn yóò ya ibi tí iná ti máa jó ojú yìí.

"Ẹ ò ní sun ìyá mi," Fẹ́yìsayọ̀ wí. "Ta ló fún yín ní fọ́tò wọn?"

Zdenka rẹ ohùn sílẹ̀. "Mi ò lo fọ́tò. Màmá náà wá fúnra wọn. Àárọ̀ mẹ́ta ni wọ́n fi jókòó sórí àga yẹn."

"Irọ́ lẹ̀ ń pa. Màmá mi ti kú."

"Wọ́n ní àwọn fẹ́ bá ẹnì kan sọ̀rọ̀ níbí, pé ojú táwọn máa fi bá a sọ ọ́ làwọn ò ní."

Fẹ́yìsayọ̀ pòṣé, ó ní kó gbé ojú ìyá òun fóun kóun máa lọ. Zdenka já a lára ògiri. "Fọkàn balẹ̀, it's grand, rọ́bà lásán ni." Ló bá dé e sójú kó lè fi hàn án.

Ìpéǹpéjú rọ́bà náà ṣẹ́.

"Fẹ́yìsayọ̀," ni ìyá ẹ̀ pè é. "Mo rí i bí o ṣe ń bínú nítorí mi. O ṣeun. Lọ́jọ́ tí o ń wá ìsinmi níbi iṣẹ́ rẹ àtijọ́, ta lo sọ fún ọ̀gá rẹ pé ó kú?"

Lọ́jọ́ tí Fẹ́yìsayọ̀ pa irọ́ yẹn, ara ìyá ẹ̀ le koko, ó ń fọṣọ lẹ́yìnkùlé. Ọjọ́ kẹsàn-án ló ṣubú tí ò dìde mọ́.