Egungun Onírin Abẹ́ Àpáàdì

Dókítà Ọlágòkè kò wá nǹkan kan kiri kó tó gbẹ́lẹ̀. Ohun tó kọ́kọ́ mú ara fu Florence nìyẹn. Ọkùnrin náà sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, ó gba àárín ebè iṣu kọjá, ó yà fún igi mángòrò, ó dúró gangan lójú kan, ó sì fi gìgísẹ̀ kan ilẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Ó ní, "Ibí ni, Màmá." Oko tí kò dé rí láyé rẹ̀ o! Èèyàn tó ń wá kọ́kọ́rọ́ nínú yàrá ara rẹ̀ pàápàá á kọ́kọ́ wo abẹ́ bẹ́ẹ̀dì.

Irú wọn kì í kúkú ṣe tuntun ní Òkè-Ògùn wa yìí, àwọn ará fásitì tó ń hú ahoro ìlú. Wọn a kan èèkàn, wọn a ta okùn, wọn a rin oko náà lóròó àti níbùú, wọn a máa ṣa àpáàdì sínú ọ̀rá. Wọ́n lè lo ọ̀sẹ̀ kan gbáko kí wọ́n tó fọwọ́ kan ṣọ́bìrì. Eléyìí fi gìgísẹ̀ kanlẹ̀, ó parí.

Nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì ni Florence Ìyápọ̀. Gbogbo Àgọ́-Àmọ́dù ló mọ̀ ọ́n, torí agbára káká lèèyàn fi máa rí ọmọ ìlú náà tí kò gún lábẹ́rẹ́ rí. Oko ọkọ rẹ̀ ni oko yìí. Mákánjúọlá lọkọ ń jẹ́. Ó jáde lọ sóko láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó di ọdún mẹ́wàá, kò dé. Wọ́n wá a títí, ẹsẹ̀ wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ bó. Ọkọ́ rẹ̀ àti bàtà ẹsẹ̀ kan ni wọ́n rí lábẹ́ mángòrò.

Ìyà tí èyí fi jẹ obìnrin náà kò ṣeé fẹnu sọ. Kò lè wọ aṣọ opó, kò sì lè pe ara rẹ̀ ní abilékọ. Kò bímọ kankan, tí ì bá fi máa rí ojú ọkọ lójú ọmọ. Ohun kan ṣoṣo ló ń bẹ Ọlọ́run fún: kó sáà mọ̀ bóyá Mákánjúọlá kú ni tàbí ó wà láàyè. Ìdí tó fi gbà kí àlejò wá gbẹ́ oko náà nìyẹn. Ó rò ó pé bí nǹkan kan bá wà nínú ilẹ̀ yẹn, á jáde.

Ṣùgbọ́n ìṣe àlejò náà kò tẹ́ ẹ lọ́rùn. Láràárọ̀ ló ń dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún un, tí yóò fi àyà lélẹ̀ nínú yanrìn, bí ẹni ń kí ìyá tó bí bàbá rẹ̀. Ta ní ń kí ẹni tí kò mọ̀ rí báyẹn láyé òde òní? Lọ́jọ́ tí Florence sọ fún un pé àwọn obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì òun ń bọ̀ wá gbàdúrà lóko náà ní Sátidé, pé wọ́n á pe orúkọ ọkọ òun lẹ́ẹ̀mẹta, ojú ọkùnrin náà yí padà.

"Màmá," ó rọ ohùn rẹ̀ sílẹ̀, "ẹ̀yin fúnra yín ńkọ́? Ṣé ẹ ti fẹnu ara yín pè é rí?"

"Kí lo fẹ́ fi ìyẹn ṣe?"

"Ẹ má bínú, Màmá." Ó yára gbé asẹ́ rẹ̀, ó padà sídìí iṣẹ́.

Àwáwù, aládùúgbò Florence, kò fọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n sọ. Ó ní, "Àǹtí Nọ́ọ̀sì, ẹ ṣọ́ra yín o. Wọ́n ń ta egungun èèyàn láyé ìsìnyí. Ta ló sọ fún yín pé kì í ṣe òun gan-an ló gbé bọ̀dá lọ, tó wá padà wá kó èyí tó kù?"

Oorun dá lójú Florence látọjọ́ náà. Nígbà tó di ọ̀sán Ọjọ́rú, kò sọ fún ẹnì kankan, ó gun ọ̀kadà lọ sóko. Ọyẹ́ ti mú kí gbogbo ojú ọ̀run ṣú eruku, koríko gbẹ táútáú. Kò rí àwọn lébìrà méjì tó ń bá ọkùnrin náà ṣiṣẹ́. Dókítà nìkan ló bá, ó kúnlẹ̀ sínú kòtò, ó ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́ sí ilẹ̀. Bó ṣe gbúròó ẹsẹ̀ ló pa ẹnu mọ́.

"Àwọn òṣìṣẹ́ rẹ dà?" Florence bi í.

"Mo ní kí wọ́n máa lọ sílé, Màmá. Ohun tó kù yìí kì í ṣe ti ojú wọn. Ẹ sọ̀ kalẹ̀, ẹ wá wò ó."

Kòtò náà jìn dé itan. Ilẹ̀ yàrá àtijọ́ kan ló wà nínú rẹ̀, wọ́n to àpáàdì sí i lóòró lóòró, ó há mọ́ra pinpin. Ọkùnrin náà ti ṣí apá kan rẹ̀ kúrò, egungun èèyàn sì nà gbọọrọ lábẹ́ ibẹ̀. Ó mú búrọ́ọ̀ṣì kékeré kan, ó fi ń tọ́ka.

"Ọkùnrin ni. Ẹ wo egungun ìbàdí, ó há. Àgbàlagbà ni, yóò lé ní àádọ́rin ọdún. Eyín òkè ti ká tán, àwọn ihò eyín náà sì ti dí kó tó kú. Ẹ̀yìn rẹ̀ ti tẹ̀. Inú yàrá rẹ̀ ni wọ́n sin ín sí, bí àwọn bàbá wa ṣe ń ṣe fún ẹni tí wọ́n bá kà sí. Àpáàdì tí wọ́n tò lé e lórí yìí ti tó irinwó ọdún."

Florence kò gbọ́ ti irinwó ọdún. Ojúgun ẹsẹ̀ òsì lojú rẹ̀ wà.

Irin pẹlẹbẹ kan wà lára ojúgun náà. Síkúrù mẹ́rin ló dè é mọ́ egungun, èyí èkejì láti òkè sì wọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Florence mọ síkúrù yẹn. Òun ló gbé àwo irinṣẹ́ dání lọ́jọ́ tí wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún Mákánjúọlá, lẹ́yìn tí ọ̀kadà gbá a lójú ọ̀nà Ṣakí. Síkúrù èkejì kọ̀, kò wọlé tààrà, dókítà tó ń ṣe iṣẹ́ abẹ náà sì bú u títí àwọn nọ́ọ̀sì fi rẹ́rìn-ín.

Ó yíjú sí ọkùnrin náà. "Ìwọ ni!" ó figbe ta. "Ìwọ lo pa á! Abájọ tí o fi mọ ibi tó wà! Yéè, ẹ gbà mí o!"

Ọkùnrin náà kò sá, kò sì bá a jiyàn. Ó ní, "Iṣẹ́ yín ni, Màmá. Ẹ fọwọ́ kàn án. Ohun tí ẹ bá rí, ẹ sọ ọ́ fún ara yín."

Florence fọwọ́ pa ojúgun náà, ó sì rí i pé egungun ti hù bo etí irin mọ́lẹ̀ yíká. Ìyẹn ń gba ogún ọdún, ọgbọ̀n ọdún, lára ààyè èèyàn. Ẹni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta sì ni Mákánjúọlá lọ́jọ́ tó jáde nílé. Ó wo ara kòtò: ilẹ̀ tò léra wọn, yanrìn lókè, eérú láàárín, amọ̀ nísàlẹ̀, gbòǹgbò ńlá mángòrò sì gba inú wọn kọjá. Kò sí ibi tí ṣọ́bìrì ẹnikẹ́ni ti já a rí. Bó ṣe jẹ́ kò yé e. Ohun tó yé e ni pé ọkọ òun gbé ayé títí ó fi darúgbó, kò sì gbé e pẹ̀lú òun.

"Ta ni ọ́ gan-an?" ó bi ọkùnrin náà.

"Ọmọ ọmọ rẹ̀ ni mí, Màmá, láti ìran dé ìran. Adó-Àwáyè ni agboolé wa wà báyìí, a lé ní ẹgbẹ̀ta. Àlejò kan ló bẹ̀rẹ̀ ilé wa ní bí irinwó ọdún sẹ́yìn. Wọ́n ní ó kàn yọ sí wọn láàárín oko ni, pẹ̀lú bàtà ẹsẹ̀ kan, irin sì wà nínú ẹsẹ̀ rẹ̀. Wọ́n fún un níyàwó, ó bí mẹ́fà. Èèwọ̀ kan ló fi lélẹ̀ fún wa: ìyàwó ilé wa kò gbọdọ̀ sọ fún ọkọ tó ń jáde lọ pé kó má padà."

Florence jókòó sórí àpáàdì.

Kò sí ẹ̀dá kan tó gbọ́ ọ̀rọ̀ tó wáyé láàárín òun àti ọkọ rẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ náà. Àwọn mọ̀lẹ́bí Mákánjúọlá ti ń bá a wá ìyàwó míì nítorí ọmọ, òun náà kò sì sọ fún wọn pé òun ò fẹ́. Florence dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Máa lọ. O ò gbọdọ̀ padà wọnú ilé yìí, àfi bí èmi fúnra mi bá pè ọ́." Ọdún mẹ́wàá ló fi gbààwẹ̀, tó fi ké pe Ọlọ́run. Kò la ẹnu pe Mákánjúọlá fúnra rẹ̀ rí. Ìtìjú ni kò jẹ́.

"Ṣé ó bínú sí mi?" ó béèrè.

"Rárá o. Wọ́n ní ibi tí mángòrò yín hù sí yìí ló máa ń jókòó sí lójoojúmọ́. Bí wọ́n bá ní kó wálé wá jẹun, á ní kí wọ́n jẹ́ kóun ṣe díẹ̀ sí i, ìyàwó òun ò tíì pe òun. Bó ṣe ń ṣe nìyẹn títí ó fi kú."

Florence bú sẹ́kún. Ó sun ún títí. Ìgbà tó gbójú sókè, Dókítà ti dọ̀bálẹ̀ sínú kòtò, àyà rẹ̀ wà lórí ilẹ̀.

"Màmá, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín, ẹ má pè é. Ẹ wọ aṣọ dúdú, ẹ gbé egungun rẹ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ sin ín. Ohun tí mo bá wá nìyẹn. Bí ẹ bá pè é tó sì gbọ́, kò ní dúró lọ́dọ̀ wọn, kò ní fẹ́yàwó, kò ní bí wa. Mo lọ́mọ méjì, Màmá. Èyí kékeré ò tíì mọ̀ ọ́n rìn."

Florence wò ó dáadáa fún ìgbà àkọ́kọ́. Etí Mákánjúọlá ló wà lórí rẹ̀. Ọmọ mẹ́fà, ẹgbẹ̀ta èèyàn, òun ò sì ní ẹyọ kan! Owú jẹ ẹ́, ojú sì tì í pé owú ń jẹ òun. Àánú ọ̀dọ́mọkùnrin náà ṣe é. Ṣùgbọ́n ọkùnrin kan jókòó lábẹ́ oòrùn fún ọgbọ̀n ọdún, ó ń retí ọ̀rọ̀ kan péré láti ẹnu òun.

Ó tẹríba mọ́ egungun náà. Ó ní, "Bọ̀dá Mákàn, ẹ dárí jì mí. Ẹ máa bọ̀ wálé."

"Màmá!" Dókítà ké, ohùn rẹ̀ sì dá lójijì.

Nígbà tí Florence yíjú, kò rí i. Kò sí ọkọ̀ lójú ọ̀nà, kò sí okùn, kò sí asẹ́. Orí ilẹ̀ gbígbẹ lòun fúnra rẹ̀ kúnlẹ̀ sí, koríko bo ibẹ̀, kò sí kòtò, kò sí àmì pé ẹnikẹ́ni gbẹ́ ibẹ̀ rí. Ó pè é, "Ọlágòkè! Ọlágòkè!"

Ó sáré dé títì, ó bá ọ̀kadà padà sílé. Àwáwù ló kọ́kọ́ rí níta.

"Àǹtí Nọ́ọ̀sì, ẹ káàbọ̀. Bọ̀dá ti ń retí yín látàárọ̀."

"Àwáwù, dókítà tó ń gbẹ́ oko wa ńkọ́? Ṣé o rí i?"

"Dókítà wo nìyẹn?" Àwáwù wò ó lókè wò ó nílẹ̀. "Àbí ó ti rẹ̀ yín ni?"

Ọkùnrin arúgbó kan wà lórí bẹ́ǹṣì níwájú ilé. Irun orí rẹ̀ funfun báláú, ẹ̀yìn rẹ̀ ti tẹ̀, ó na ẹsẹ̀ òsì sílẹ̀. Florence wó lulẹ̀ lórí eékún níwájú rẹ̀. Arúgbó náà gbé ọwọ́ rẹ̀ tó le koko lé e lójú, ó nù ún lómijé, kò sì sí ìbínú kankan lójú rẹ̀.

"Mo gbọ́ ọ, Florence," ó ní. "Mo gbọ́ tí o pè mí."

Ó wá gbójú kúrò lára rẹ̀, ó wo ojú ọ̀nà lẹ́yìn rẹ̀, ó tún wo inú ilé.

"Àwọn ọmọ mi mẹ́fẹ̀ẹ̀fà dà?"