Ibi Tí Bọ́ọ̀lù Ò Ti Dìde

Bọ́ọ̀lù náà lọ sílẹ̀, kò padà wá.

Ishaq ṣì ń sáré lọ ní tiẹ̀, ó na ọwọ́ sílẹ̀ bíi ti ẹni tó ń dúró gba ṣéńjì. Ṣéńjì ò dé. Nígbà tó máa fi bojú wẹ̀yìn, bọ́ọ̀lù ti jókòó sórí pákó bí ìgbà tí èèyàn ju ẹrẹ̀ mọ́lẹ̀. Ọmọ ẹgbẹ́ kejì gbé e, ó lọ jù ú sáwọ̀n, gbogbo họ́ọ̀lù sì pariwo.

"Bàbá àgbà, ẹ lọ sinmi," ẹnìkan ké láti òkè. "Ẹ bá wọn wá ọ̀pá."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ishaq ò wo òkè, ilẹ̀ ló ń wò. Ibẹ̀ náà tún ni. Ibẹ̀ ò fẹ̀ ju ẹní tí èèyàn fi ń kírun lọ, ṣùgbọ́n tó bá ti tẹ̀ ẹ́, òtútù á gba inú bàtà wọ àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn dúró lórí iyanrìn tí omi wà lábẹ́ ẹ̀.

Iṣẹ́ póìntì gáàdì ni Ishaq fi ń jẹun nínú básíkẹ́tì. Òun lẹni tó ń lu bọ́ọ̀lù bọ̀ láti ẹ̀yìn, tó ń wo ọ̀tún wo òsì, tó mọ ẹni tó ti ṣe tán àti ẹni tó kàn ń juwọ́, tó wá ń pín bọ́ọ̀lù fún kálukú. Àwọn tó ga ló ń jù ú sáwọ̀n, orúkọ wọn ni wọ́n ń pariwo, ṣùgbọ́n ọwọ́ tiẹ̀ ni ọjà ti ń jáde. Ìkàtè ló ti kọ́ ọ, nígbà tó ń ta okùn ṣájà kiri títì. Ó gbá a dé Ìlọrin, ó gbá a dé Kìgálì, ó gbá a dé Tunis. Tunis ni orúnkún rẹ̀ ti já, tí wọ́n dá a padà wálé bí ẹni dá ọjà tó fọ́ padà.

Ẹnikẹ́ni ò fẹ́ ẹ mọ́, àfi Ọ̀gá Ọláníyan, olówó kan tó ń kọ́lé tà ní Lẹ́kkí Phase 1. Ọ̀gá kọ́ họ́ọ̀lù tuntun sí Ìkàtè, ó kó ẹgbẹ́ jọ síbẹ̀, ó ní kí Ishaq máa darí wọn. Kọ́ńtíráàtì ọdún kan. Tó bá lọ dáadáa, wọ́n á fi kún un. Tí kò bá lọ dáadáa, ta ló tún máa ra póìntì gáàdì tí wọ́n rán lórúnkún?

Wọ́n pe káfíńtà. Ó tú pákó ibẹ̀, ó tún un kàn. Ó lu bọ́ọ̀lù síbẹ̀, bọ́ọ̀lù ta. Kóòṣì Tèmítáyọ̀ lù ú, ó ta sókè dé àyà ẹ̀. Wọ́n wá gbé e fún Ishaq. Bọ́ọ̀lù balẹ̀ láìdún, ó sì dúró síbẹ̀.

Kóòṣì ò wo bọ́ọ̀lù. Orúnkún Ishaq ló ń wò. "Ishaq, ṣé ò ń rí oorun sùn?"

Inú bí Ishaq. Ilẹ̀ ló ṣẹ̀, ẹni tó ń tẹ̀ ẹ́ ni wọ́n ń yẹ̀ wò.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, òun ló kọ́kọ́ dé fún ìgbáradì. Oòrùn ń gba ojú fèrèsé wọlé, ilẹ̀ ń dán. Ó ní Bísímílà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í lu bọ́ọ̀lù lọ. Ó gbọ́ àtẹ́wọ́ lẹ́yìn. Pá, pá. Ó gbẹ, kò pariwo, bíi ti ẹni tó ń ní kí wọ́n ju bọ́ọ̀lù sóun.

Ọwọ́ Ishaq ò dúró bi í léèrè. Kó tó mọ̀, ó ti ju bọ́ọ̀lù sẹ́yìn láìwẹ̀yìn. Ó tẹ́tí. Bọ́ọ̀lù ò ró mọ́ ògiri, kò ró nílẹ̀. Nígbà tó yíjú, ó ti wà lójú ibẹ̀, iyanrìn tútù sì lẹ̀ mọ́ ọn lára.

Ẹnì kan ṣoṣo ló mọ̀ tó máa ń pàtẹ́wọ́ báyẹn. Àyànṣọlá ni.

Ọmọ Ìsẹ́yìn ni Àyànṣọlá, lébìrà tó ń po kọ́ńkéré nígbà tí wọ́n ń kọ́ họ́ọ̀lù náà lọ́wọ́. Ishaq ń tọ́jú orúnkún nígbà yẹn, ó gbin òpó àwọ̀n kan sórí iyanrìn níta. Tí wọ́n bá ṣíwọ́ iṣẹ́ nírọ̀lẹ́, Àyànṣọlá á wá bá a ṣa bọ́ọ̀lù, tòun ti bàtà rọ́bà lẹ́sẹ̀. Kò mọ òfin kankan. Tó bá fẹ́ bọ́ọ̀lù, á pàtẹ́wọ́, pá, pá, á ní, "Mo wà níbí, Ishaq. Ẹ̀yin gbajúmọ̀ ẹ kì í rí wa." Tí Ishaq bá rẹ́rìn-ín, á tún ní, "Ọjọ́ tí wọ́n bá ṣí ilé yìí, iwájú pátápátá ni màá jókòó sí. Ṣebí èmi ni mo po ilẹ̀ ẹ̀."

"Tíkẹ́ẹ̀tì yín ti wà lọ́wọ́ mi, ẹ̀gbọ́n," Ishaq á ní.

Lọ́jọ́ kan, Àyànṣọlá ò wá mọ́. Gbàdàmọ́sí, fọ́máànù wọn, ní Àyànṣọlá àti lébìrà méjì, Yísà àti Dúró, ti jí irin kó, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sì ti sá lọ. Ishaq gbà á gbọ́. Nígbà tí Fèyíkẹ́, ìyàwó Àyànṣọlá, wá bi í léèrè ọkọ ẹ̀ ní géètì, ohun tó sọ fún un ni pé, "Àǹtí, ọkọ yín dójú tì wá." Bó ṣe dá a dúró nínú oòrùn nìyẹn, tó wọlé.

Iyanrìn tó wà lára bọ́ọ̀lù ló gbé e lọ Ajah. Ó bá Fèyíkẹ́ lẹ́yìn Abraham Adésànyà Estate, níbi tó ti ń se ìrẹsì fún àwọn tó ń kọ́ ilé kan.

"Ẹ káàárọ̀, Àǹtí."

Obìnrin náà ò gbójú kúrò nínú ìkòkò. "Ẹni tí ọkọ mi dójú tì nìyẹn. Ṣé ìrẹsì lẹ fẹ́ rà, àbí irin lẹ wá gbà?"

Ishaq mọ̀ pé ó tọ́ sóun. "Mo wá béèrè ohun tí n ò béèrè nígbà yẹn. Kí ni wọ́n sọ fún yín gan-an?"

Fèyíkẹ́ da omi sórí iná, ó nuwọ́. "Gbàdàmọ́sí ló wá. Ó ní ọkọ mi ti sá lọ. Ó wá gbé fóònù ẹ̀ fún mi, ó ní ọ̀dọ̀ ọlọ́dẹ ló ti ń gbà ṣájì. Ó tún fún mi ní sálúbàtà ẹ̀." Ó wo Ishaq lójú. "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti wọ ọkọ̀ òfurufú, ẹ bá mi dá a. Olè wo ló ń sá lọ láìmú fóònù, láìwọ sálúbàtà?"

Ishaq fa bẹ́ǹṣì kan, ó jókòó tì í.

"Àwọn ará ilé ọkọ mi ní kí n má mú ọmọ olè wá bá àwọn. Láti ọdún tó kọjá, ìyàwó olè ni mò ń jẹ́. Ẹnì kan ò bi mí ní ohun tẹ́ ẹ bi mí yìí."

"Mo jẹ ọkọ yín ní tíkẹ́ẹ̀tì kan," Ishaq ní. "Ọjọ́ Sátidé la fẹ́ gbá àṣekágbá. Ẹ wá bá a jókòó sí i."

Gbàdàmọ́sí ti kúrò ní fọ́máànù, òun ló ń bójú tó họ́ọ̀lù báyìí, ó sì ti ń so aago olówó iyebíye. Ishaq bá a lẹ́bàá ẹnu ọ̀nà. "Ọ̀gá Gbàdàmọ́sí, kí ló wà lábẹ́ pákó tó wà láàárín yẹn?"

"Kò sí nǹkan. Kòtò la gbẹ́ láti abẹ́ àwọ̀n tibí dé abẹ́ àwọ̀n tọ̀hún, láti fi fa omi, a sì ti dí i. Kùtọnu ni wọ́n wà. Mo gbọ́ pé Kùtọnu ni wọ́n wà."

Ishaq ò tíì dárúkọ ẹnikẹ́ni. Ó ti tajà pẹ́ ní títì, ó mọ ohùn ẹni tó ń já owó wálẹ̀ nígbà tí oníbàárà ò tíì yanu.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Ọ̀gá Ọláníyan ránṣẹ́ pè é. Kọ́ńtíráàtì tuntun wà lórí tábìlì, bírò wà lórí ẹ̀.

"Ọdún mẹ́ta," Ọ̀gá ní, ohùn ẹ̀ tutù bí ẹ̀rọ amúlétutù tó wà lókè orí ẹ̀. "Ní ọjọ́ orí ẹ, pẹ̀lú ẹsẹ̀ yẹn. Gba ife fún mi lọ́jọ́ Sátidé. Ibi tí bọ́ọ̀lù ò bá ti dìde, má gbabẹ̀. Ilẹ̀ fẹ̀." Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Obìnrin onírẹsì yẹn, fi òun àti wàhálà ẹ̀ sílẹ̀."

Ishaq ò sọ fún ẹnikẹ́ni pé òun lọ Ajah. Ó mú bírò náà, ó tún gbé e kalẹ̀. "Ẹ jẹ́ ká gbá Sátidé ná, sà."

Ọ̀sán Sátidé, họ́ọ̀lù kún fọ́fọ́. Fèyíkẹ́ jókòó níwájú pátápátá, ó gbé sálúbàtà ọkọ ẹ̀ lé itan nínú ọ̀rá. Ishaq ń yẹra fún ojú ibẹ̀, eré sì ń lọ. Nígbà tí àkókò fẹ́rẹ̀ẹ́ tán, póìntì kan ni wọ́n fi ju ẹgbẹ́ ẹ̀ lọ, bọ́ọ̀lù sì wà lọ́wọ́ ẹ̀. Àbídèmí, géńdé gíga tó ń bá wọn jù ú sáwọ̀n, ti dúró lábẹ́ àwọ̀n, ó nawọ́ sókè, kò sẹ́ni tó ṣọ́ ọ. Bọ́ọ̀lù kan péré tó bá dé ọ̀dọ̀ Àbídèmí, ife dé, ọdún mẹ́ta dé.

Lẹ́yìn ẹ̀ ló ti gbọ́ ọ. Pá, pá.

*Ẹ̀yin gbajúmọ̀ ẹ kì í rí wa.*

Ishaq yí padà. Ó rìn lọ sójú ibẹ̀, ó lu bọ́ọ̀lù mọ́lẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, bọ́ọ̀lù ò dìde. Ó jókòó tì í, ó gbé ọwọ́ lé pákó.

Rẹfirí fọn fèrè. Èébú ń bọ̀ láti òkè, ìyá ẹ̀ wà nínú ẹ̀, bàbá ẹ̀ wà nínú ẹ̀. Kóòṣì Tèmítáyọ̀ sáré wá bá a. "Dìde. Ò ń ba tìẹ jẹ́, ò ń ba tiwa jẹ́."

"Èèyàn wà lábẹ́ ibí, Kóòṣì."

"Orí ẹ ti dàrú."

Fèyíkẹ́ ló dìde. Ó bọ́ bàtà ẹ̀, ó rìn wá, ó kúnlẹ̀, ó gbé sálúbàtà ọkọ ẹ̀ kalẹ̀ sórí pákó bí ẹni gbé e sẹ́nu ọ̀nà yàrá. Ó pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀mejì.

Láti ìsàlẹ̀, ẹnì kan dá a lóhùn. Pá, pá.

Gbogbo họ́ọ̀lù gbọ́ ọ. Ẹni tó ń búni gbé èébú mì. Gbàdàmọ́sí, tó dúró lẹ́nu ọ̀nà, fi ìdí kanlẹ̀.

"A gbọ́ ọ lọ́jọ́ yẹn náà," ó ní. Ohùn ẹ̀ kéré, ṣùgbọ́n kò sí ariwo tó máa bò ó mọ́. "Kòtò omi ló ya lù wọ́n. A fẹ́ wà wọ́n jáde. Ọ̀gá ní àwọn tó fẹ́ kówó sílé náà ń bọ̀ wá wò ó, ká da iyanrìn lé e, ká da kọ́ńkéré sí i. A ti ń dà á nígbà tí mo gbọ́ àtẹ́wọ́. Ọ̀gá ní búlọ́ọ̀kù ló ń já. Ó ní kí n máa dà á."

"O wá dà á," Fèyíkẹ́ ní.

"Mo dà á."

Ìbínú dé kí ẹ̀rù tó ráyè. Àwọn tó ń bú Ishaq ni wọ́n kọ́kọ́ sọ̀ kalẹ̀. Ọ̀gá Ọláníyan gbé fóònù sétí, ó ní òun fẹ́ lọ dáhùn ìpè kan níta. Kóòṣì Tèmítáyọ̀ dínà mọ́ ọn, ó nawọ́ sí àga tí Fèyíkẹ́ dìde lórí ẹ̀.

"Ẹ jókòó síbẹ̀, sà. Iwájú pátápátá. Ẹ máa wò ó."

Wọ́n tú pákó. Àbídèmí gba òòlù ńlá, ó fọ́ kọ́ńkéré. Nígbà tí wọ́n yí èyí tó kọ́kọ́ ṣí padà, ẹni tó dì í mú gbé e sílẹ̀. Abẹ́ ẹ̀ ló kọjú sí iyanrìn tẹ́lẹ̀. Ojú àtẹ́lẹwọ́ méjì ló wà níbẹ̀, gbogbo ìka pé. Ẹnì kan ti ti kọ́ńkéré náà láti ìsàlẹ̀ nígbà tó ṣì tutù.

Fèyíkẹ́ gbé ọwọ́ tiẹ̀ lé ojú ọwọ́ náà. Kò sunkún. Ó yíjú sí gbogbo wọn. "Ọwọ́ olè nìyẹn. Irin wo lẹ rí níbẹ̀?"

Kò sẹ́ni tó lè wò ó lójú.

Ishaq kúrò láàárín wọn. Ó mọ̀ pé kò sí ẹgbẹ́ tó máa ra òun mọ́ lẹ́yìn ohun tóun ṣe lónìí yìí. Bọ́ọ̀lù wà lọ́wọ́ ẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í lù ú lọ nítorí pé kò mọ nǹkan mìíràn tí ọwọ́ ń ṣe. Ó gba ojú ọ̀nà tí kòtò náà gbà, ó forí lé àwọ̀n tọ̀hún. Bọ́ọ̀lù ń lọ, ó ń bọ̀. Ó dé abẹ́ àwọ̀n, ibi tí àwọn tó ga máa ń dúró sí, tí póìntì gáàdì kì í lu bọ́ọ̀lù dé.

Bọ́ọ̀lù lọ sílẹ̀, kò padà wá.

Òtútù gba inú bàtà wọ àtẹ́lẹsẹ̀ ẹ̀. Kò gbọ́ àtẹ́wọ́ níbí. Yísà ni àbí Dúró, ẹni yìí ò mọ bí wọ́n ṣe ń béèrè bọ́ọ̀lù.

"Ẹ gbé òòlù bọ̀," ó pè wọ́n.

Lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó mú bọ́ọ̀lù, ó tún ń lù ú padà lójú ọ̀nà kòtò náà, díẹ̀díẹ̀, ó ń tẹ́tí. Ó ku ẹnì kan.