Àtẹ́lẹwọ́ Zilpha

Omi garawa kan ni àbúrò mi Zilpha fi kí ọkọ rẹ̀ káàbọ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fojú kanra.

Mo wà níbẹ̀, mo sì rẹ́rìn-ín títí ẹ̀gbẹ́ fi ń dùn mí. Oṣù kẹrin ọdún 1871 ni, ẹrẹ̀ etí odò Hollin sì ń mu ènìyàn dé orókùn. Zilpha ń ṣọ́ ìkòkò irin ńlá tí bàbá wa fi ń se epo rọ̀bì di kẹrosíìnì. Iná ìdí ìkòkò wà lẹ́yìn ògiri bíríkì, ṣùgbọ́n níbi ẹnu páìpù tí epo ti ń kán bọ́, ẹnikẹ́ni kì í mú iná débẹ̀. Àfi bí ọ̀dọ́kùnrin gíga kan ṣe yọ láti ẹ̀yìn àwọn àgbá, ìkòkò tábà lẹ́nu. Zilpha ò béèrè orúkọ. Ó gbé garawa, ó da gbogbo rẹ̀ lé e lórí.

"Ṣé orí ẹ pé? Ṣé o fẹ́ sun gbogbo wa ni?"

Ọkùnrin náà nu omi kúrò lójú. Ó yọ ìkòkò tábà náà lẹ́nu, ó dojú rẹ̀ dé. Kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀.

"Ó ti pé ọdún mẹ́ta tí mo ti mu tábà kẹ́yìn. Mo kàn máa ń fi eyín dì í mú bẹ́ẹ̀ ni. Eben Prosser lorúkọ mi. Èmi ni ilé-iṣẹ́ gbà láti máa yẹ epo wò."

Ojú ti Zilpha, ṣùgbọ́n kì í ṣe ẹni tí í gbà bọ̀rọ̀. "Ó dáa. Lọ dúró sẹ́yìn ògiri níbi tí iná wà, kí aṣọ ẹ gbẹ. Má sì sọ pé wọn ò tọ́jú ẹ ní Hollin."

Ilé-iṣẹ́ tó ń wí yẹn kò tíì pé ọdún kan nígbà náà. Ẹ má rò pé ilé alájà ni o. Ọkùnrin mẹ́jọ ni, tí olúkúlùkù ní ìkòkò kan ṣoṣo létí odò. Láyé ìgbà yẹn, àtùpà ń bú gbàù káàkiri. Ìyá kan á tan iná láti rán aṣọ ọmọ, ilé á sì jó tòun tọmọ. Ohun tó ń fà á ni epo fífúyẹ́ tó máa ń kọ́kọ́ jáde nínú ìkòkò, tó ń gbaná wàràwàrà. Ẹni tó bá jẹ́ kó dà pọ̀ mọ́ kẹrosíìnì ti pànìyàn láìmọ̀. Nígbà tó yá, àwọn oníbàárà ò fọkàn tán ẹnikẹ́ni mọ́.

Bàbá wa, Gideon Hauck, ló kó àwọn méje yòókù jọ. Ó ní kí gbogbo wọn máa gbé epo wá sí abà kan, kí àlejò tí kì í ṣe ẹbí ẹnikẹ́ni máa yẹ̀ ẹ́ wò, kí wọ́n sì fi òǹtẹ̀ Hollin lu àgbá tó bá yege nìkan. Inú mi ṣì máa ń dùn tí mo bá rántí pé bàbá mi ló ronú irú nǹkan bẹ́ẹ̀.

Eben ní tẹmómítà. Zilpha ní ọwọ́. Tí epo bá ń kán, ó máa ń gba ẹ̀kán kan sí àtẹ́lẹwọ́. Tó bá tutù, tó sì gbẹ lójú ẹsẹ̀, epo fífúyẹ́ nìyẹn, kò tíì tó. Ìgbà tí ẹ̀kán náà bá dúró, tó ń yọ̀, ló máa ń yí páìpù sínú àgbá kẹrosíìnì. Láti oṣù kẹrin títí di oṣù kẹsàn-án, kò sí àgbá rẹ̀ kan tó kùnà.

Eben wá ń wá àwáwí wá síbi ìkòkò wa lójoojúmọ́.

"Kí lo tún gbàgbé lónìí?" ni Zilpha máa ń bi í.

"Mo wá wò bóyá àtẹ́lẹwọ́ yẹn ṣì ń ṣiṣẹ́."

"Ra tìẹ."

"Wọn kì í tà á, Zilpha mi. Mo ti wá a dé Pittsburgh." Á gba ọwọ́ rẹ̀, á máa wò ó bí ẹni ń kàwé, Zilpha náà ò sì ní gbà á padà. Ó sọ fún mi fúnra rẹ̀ pé tí Eben bá ti kọjá odò, ọkàn òun máa ń bá a lọ.

Bàbá fọwọ́ sí i. "Ọmọ Welsh ni, àmọ́ ó mọ epo," ni gbogbo ohun tó sọ. Wọ́n dá ìgbéyàwó sí Sátidé àkọ́kọ́ nínú oṣù kẹwàá.

Ibi tí mo ti kó sí i nìyí. Èmi Lovina ni ẹ̀gbọ́n, mo ti wà nílé ọkọ, mo sì gbà pé mo mọ gbogbo nǹkan.

"Ṣé ọwọ́ líle yìí lo fẹ́ nà sí Eben níwájú pásítọ̀?"

"Ṣebí ó ti rí i tẹ́lẹ̀."

"Ìyá ẹ̀ ò tíì rí i! Láti Scranton ni màmá yẹn ń bọ̀. Ṣé kó wá di ọwọ́ alágbẹ̀dẹ mú?"

Mo gbé ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ abọ́ kan fún un, mo ní kó máa fi para láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́. Ó ráhùn, ṣùgbọ́n ó ṣe é nítorí mi.

Lọ́jọ́ Tuesday ọ̀sẹ̀ ìgbéyàwó, a kó àgbá mẹ́wàá lọ sí abà. Àwọn ọkùnrin méje yòókù wà níbẹ̀. Eben da epo díẹ̀ sínú ife kékeré, ó gbé e sínú omi tó ń gbóná díẹ̀díẹ̀, ó ń fi iná tíńtín kọjá lórí rẹ̀. Epo tó dára kò gbọdọ̀ gbaná títí tẹmómítà á fi dé àádọ́fà. Ní àádọ́rùn-ún péré, iná búlúù fò lórí ife: fùú!

Ó dà á nù, ó tún un ṣe. Fùú. Ó ṣe é lẹ́ẹ̀kẹta. Fùú náà ni.

"Òǹtẹ̀ dà?" ni Bàbá bi í.

"Sà, ẹ má bínú. Kò yege."

"Epo ta ni kò yege?"

"Epo yín, sà."

Bàbá pọ́n bí iná. "Epo tí ìyàwó ẹ fọwọ́ ara ẹ̀ sè? Tó o bá kọ epo mi lójú àwọn èèyàn yìí, má wulẹ̀ wá fẹ́ ọmọ mi ní Sátidé."

"Ẹ̀yin lẹ ṣòfin yẹn, sà," ni Eben wí, ohùn rẹ̀ ò lọ sókè rárá. "Mo nífẹ̀ẹ́ Zilpha ju ẹ̀mí mi lọ. Àmọ́ mi ò mọ ẹni tó máa tan àtùpà yẹn. Mi ò lè fi òǹtẹ̀ lù ú."

Ó yíjú sí Zilpha. Zilpha ò wò ó. "Àtẹ́lẹwọ́ mi ò purọ́ rí," ló sọ, ó sì jáde.

Ọjọ́ Wednesday, kò jẹun. Ìbínú àti ìfẹ́ ń jà nínú rẹ̀. Ó ń fẹ́ Eben, ó sì ń gbèrò pé òun ò ní fẹ́ ọkùnrin tó pe òun ní aláìmọṣẹ́. Mo se ẹ̀wà oníṣúgà tó fẹ́ràn, ó kàn ń fi ṣíbí rò ó kiri ni. Láàárọ̀ Thursday, ó gbé ife epo wá sí kíṣìnnì mi, ó gbé e sínú omi tó ń gbóná lórí ààrò, ó sì ń fi iná kọjá lórí rẹ̀.

"Máa wò ó, Ẹ̀gbọ́n mi. Màá fi hàn án pé tẹmómítà ẹ̀ ló bàjẹ́."

Omi ò tíì gbóná ju èyí tí a fi ń wẹ ọmọ lọ tí iná fi fò, tó sì jó irun ìpéǹpéjú rẹ̀.

Ó pa iná náà. Lẹ́yìn náà, ó bu epo fífúyẹ́ tí a fi ń nu ẹ̀rọ̀fọ̀ kúrò lára bàtà, ó kán an sí àtẹ́lẹwọ́ ara rẹ̀. Ẹ̀kán náà dúró, ó ń yọ̀. Ó fa ọwọ́ mi, ó kán an sí tèmi. Ó tutù, ó gbẹ lójú ẹsẹ̀.

Ó wo abọ́ ọ̀rá tó wà lórí pẹpẹ. Èmi náà wò ó. Ọ̀rá ni kò jẹ́ kí ọwọ́ rẹ̀ mọ epo mọ́.

"Èmi ni mo fà á, Zilpha. Olúwa dárí jì mí, ojú ayé ni mo ń ṣe."

"Èmi ni mo para," ló wí. "Ó sì kù díẹ̀ kí n fi jó ilé onílé."

Ó bu iyẹ̀pẹ̀ àti ọṣẹ líle, ó fi fọ ọwọ́ títí ó fi fẹ́ ṣẹ̀jẹ̀. Ó wá lọ bá Bàbá ní abà, níwájú àwọn méje náà àti Eben. Mo tẹ̀ lé e, nítorí mo ní ìjẹ́wọ́ tèmi láti ṣe.

"Bàbá, epo yẹn ò dáa. Èmi ni mo bà á jẹ́. Eben ló gba orúkọ yín sílẹ̀." Èmi náà jẹ́wọ́ ti ọ̀rá mi. Zilpha wá yíjú sí Eben. "Mo ṣẹ̀ ẹ́. Tí o ò bá fẹ́ mi mọ́, mi ò ní bá ẹ jà."

"Àbí o tún fẹ́ da omi sí mi lórí kí n tó dáhùn?" ni Eben wí, omijé lójú.

 Èèyàn agídí ni Bàbá. Síbẹ̀, ó bọ́ kóòtù, ó fi ẹ̀gbẹ́ àgbá àkọ́kọ́ lélẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í yí i padà lọ sídìí ìkòkò wa. Àwọn méje náà bọ́ kóòtù tẹ̀ lé e. A tún gbogbo àgbá mẹ́wẹ̀ẹ̀wá sè lọ́jọ́ Friday, wọ́n sì kọjá àádọ́fà.

Ní Sátidé, òrùka há sí oríkèé ìka Zilpha. Eben yíjú sí mi níwájú pásítọ̀.

"Àǹtí Lovina, ṣé ọ̀rá kù?"

Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì bú sẹ́rìn-ín, títí kan ìyá rẹ̀ tó wá láti Scranton. Zilpha fúnra rẹ̀ ló ti òrùka náà wọlé.

Àwọn awakẹ̀kẹ́ ẹrù gbé ìtàn náà lọ. Láti Ohio dé New York, àwọn ìyá ń lọ sí ṣọ́ọ̀bù, wọ́n ń béèrè epo ilé-iṣẹ́ tó kọ epo ọmọ olùdásílẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá wá pé àwọn fẹ́ ra tiwa, a ò tà. Lọ́dún kejì, wọ́n pààrọ̀ òǹtẹ̀. Eben gbé ọwọ́ ìyàwó rẹ̀ lé bébà lórí tábìlì, ó fi pẹ́ńsùlù yí i ká, alágbẹ̀dẹ sì fi rọ irin. Àwọn èèyàn máa ń rò pé ẹni tó ń kíni ni ọwọ́ tó wà lára agolo Hollin.

Ìgbà òtútù tó kọjá la sin Zilpha. Eben ti darúgbó, kò ríran dáadáa mọ́. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo mú un lọ sí ṣọ́ọ̀bù lọ ra epo àtùpà. Ó wá agolo náà kàn lórí àtẹ, ó fi ìka tọ́ ọwọ́ tó wà lára rẹ̀ yí ká, ó wá gbé àtẹ́lẹwọ́ tirẹ̀ lé e.

"Olólùfẹ́ mi, mo wá wò bóyá ó ṣì ń ṣiṣẹ́," ló sọ.

Ọlọ́ṣọ́ọ̀bù fẹ́ sọ̀rọ̀, mo fi ojú dá a dúró. A ò kánjú.