Orúkọ Mi Lábẹ́ Irọ́ Ọ̀gá Stanger

"Ìwọ ṣáà fọwọ́ sí i, Nadine. Kí ló ń dá ọ dúró?"

Ọ̀gá Stanger ló ń bá mi sọ̀rọ̀ báyìí, ó sì ti ìwé náà sí iwájú mi. Ọdún 1953 ni, ní Los Angeles. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí, mo wà ní kíláàsì àṣekágbá, mo sì máa ń bá a tẹ̀wé ní ọ̀sán tí mo bá ti ilé-ìwé dé. Títí dòní, mo ṣì ń gbọ́ ohùn rẹ̀ tó tutù bíi yìnyín.

Ta ni kò mọ Orville Stanger nígbà náà? Ilé-iṣẹ́ rédíò kan ní Chicago ló ti bẹ̀rẹ̀. Òun ló ń gbá bàtà mọ́ pákó kí àwọn tó ń gbọ́ eré lè rò pé ọ̀daràn ló ń sá lọ. Díẹ̀díẹ̀ ló di olóòtú eré. Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n dé, ó kó wá sí ọ̀dọ̀ wa, ó gbé eré ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan jáde, *Ẹjọ́ Kì í Sùn*. Bó bá ti di aago mẹ́jọ ọjọ́ Ẹtì, gbogbo àdúgbò á pa rọ́rọ́. Kò sí ọ̀sẹ̀ kan tí àṣírí òpùrọ́ kì í tú nínú eré yẹn.

Ṣùgbọ́n Stanger kò kọ ìlà kan níbẹ̀ rí. Emil Rasch, bàbá tẹ́ẹ́rẹ́ kan báyìí, ló ń kọ gbogbo rẹ̀. Òun náà ló ń kọ́ mi ní iṣẹ́ ìkọ̀wé nílé rẹ̀ láìgba nǹkan kan. Lọ́dún yẹn, Rasch ní kí wọ́n máa fi orúkọ òun ṣáájú eré náà, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, òun yóò gbé ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ òun lọ síbòmíràn. Stanger rẹ́rìn-ín, ó ní kò burú.

Ọjọ́ mẹ́ta lẹ́yìn náà ló ní kí n tẹ ìwé kan sí ilé-iṣẹ́ ọṣẹ tó ń ṣe onígbọ̀wọ́ eré náà. Ìwé náà ní kọ́múníìsì ni Rasch, àti pé èmi Nadine Wojcik fi etí ara mi gbọ́ ọ níbi tó ti ń fa àwọn èèyàn wọ ẹgbẹ́ wọn. Láyé ìgbà yẹn tí ìjọba ń dọdẹ àwọn kọ́múníìsì bí ọ̀tá ìlú, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yẹn tó láti ti gbogbo ilẹ̀kùn mọ́ ọmọ ènìyàn.

"Sà, n kò gbọ́ ọ rí o," mo wí.

"Ta ló bi ọ́ bóyá o gbọ́? Wò ó, màmá rẹ ń gé orí ẹja ní ilé-iṣẹ́ ẹja ní San Pedro látàárọ̀ ṣúlẹ̀. Ṣé ibẹ̀ ni ìwọ náà fẹ́ parí ayé rẹ sí? Tó o bá jáde ilé-ìwé lóṣù kẹfà, ààrin àwọn òǹkọ̀wé mi lo máa jókòó sí."

Mo fọwọ́ sí i. N kò ní sọ fún yín pé wọ́n fipá mú mi. Àga òǹkọ̀wé yẹn ló wọ̀ mí lójú.

Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n lé Rasch. Àwọn tí wọ́n jọ ń mu kọfí bẹ̀rẹ̀ sí í kọjú sí ògiri bí wọ́n bá pàdé rẹ̀. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Dorothea ìyàwó rẹ̀ já wọlé pẹ̀lú épúróònù ìdáná lára, ó dúró lé mi lórí.

"Ìwọ tó ń jẹun nílé mi! Etí wo lo fi gbọ́ ọ? Tọ̀tún ni àbí tòsì? Dá mi lóhùn!"

Stanger yọjú láti yàrá rẹ̀. "Ẹ mú obìnrin yìí jáde. Orí rẹ̀ ti dàrú."

"Orí mi pé ju tìẹ lọ, olè!" Dorothea kígbe. "Ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ lò ń mú òpùrọ́ nínú tẹlifíṣọ̀n. Wá mú ara rẹ!"

Ọkùnrin méjì wọ́ ọ jáde. Bàtà rẹ̀ kan ṣẹ́kù sí ẹ̀gbẹ́ ẹsẹ̀ mi. Stanger ni mo kọ́kọ́ ń bínú sí, kí n tó mọ̀ pé èmi gan-an ni ìbínú náà tọ́ sí.

Nígbà tí mo délé, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún màmá mi. Kò gbá mi létí. Ó nawọ́ rẹ̀ sí mi. "Ẹja tí mò ń gé, òórùn rẹ̀ ń bá omi ọṣẹ lọ. Èyí tí ìwọ ṣe yìí ńkọ́?"

"Wọ́n máa ń sọ pé bí irọ́ bá lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ yóò bá a, Màmá."

"Ta ni yóò wá máa bọ́ ilé Rasch fún ogún ọdún ọ̀hún?"

Lọ́jọ́ kejì, mo lọ bá lọ́yà ilé-iṣẹ́ ọṣẹ náà, mo kọ ọ́ sílẹ̀ pé mo purọ́ ni, àti pé Stanger ló ní kí n pa irọ́ náà. Ọkùnrin náà wò mí láti òkè délẹ̀. "Ọmọdébìnrin, ìgbà wo gan-an lo ń purọ́, lọ́jọ́sí àbí lónìí?" Ó ju ìwé náà sínú dúrọ́ọ̀, ó tì í.

Stanger gbọ́ kí ilẹ̀ tó ṣú, ó pè mí sí yàrá rẹ̀. "Abara-móore-jẹ! Kò sí sítúdíò tó máa gbà ọ́ nílùú yìí!"

"Ẹ wá ẹlòmíì tó máa bá yín purọ́, sà," ni mo fi dá a lóhùn, mo sì jáde.

Ó mú ìlérí rẹ̀ ṣẹ. Ọdún mẹ́ta ni mo fi gé ẹja lẹ́gbẹ̀ẹ́ màmá mi kí sítúdíò kékeré kan tó gbà mí. Stanger náà kò jèrè. Àwọn tó gbà láti rọ́pò Rasch kò mọ̀ ọ́n kọ, eré náà di omi ṣákálá, ilé-iṣẹ́ ọṣẹ sì fà sẹ́yìn. Ó gbé eré méjì mìíràn jáde, méjèèjì kú láàárín oṣù díẹ̀. Rasch ní tirẹ̀ fi ọdún mẹ́fà tún rédíò ṣe nínú gáréèjì kan.

Mo lọ sílé rẹ̀ láti tọrọ àforíjì. Òun fúnra rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn.

"Mo gbọ́ nípa ìwé kejì tó o kọ," ó wí. "Ó dáa tó o kọ ọ́. Ṣùgbọ́n èyí àkọ́kọ́ ni wọ́n gbà gbọ́."

Ó rọra ti ilẹ̀kùn.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, bí àgbà bá ní kí ẹ jẹ́rìí ohun tí ẹ kò rí, ẹ kọ̀ ọ́ lójú ẹsẹ̀, ohun yòówù kó fi fà yín lójú mọ́ra. Òtítọ́ tó pẹ́ kó tó dé kì í bá gbogbo èèyàn nílé.