Oògùn Méjì Nínú Ife Kan

Ọwọ́ òsì ni káfíńtà náà fi ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù oògùn wọlé, nítorí ọwọ́ ọ̀tún tí ayùn ya ti wú bí ẹni fẹ́ afẹ́fẹ́ sí i. Ó ju páálí oògùn tó ti ṣófo sórí káńtà.

"Ayédèrú lẹ tà fún mi."

Apòògùn, ọ̀dọ́mọbìnrin kan, gbójú sókè. Ọkùnrin gìrìwò, èérún pákó nínú irun, ojú pọ́n bí iná. Lọ́jọ́ mìíràn, ì bá sọ pé ó rẹwà. Lọ́jọ́ yẹn, bíi kó fọ́ ọ létí ló ṣe é.

"Ayédèrú? Nínú ṣọ́ọ̀bù tèmi? Ọ̀gbẹ́ni, kí lẹ fi ń gbé e mì?"

"Ìyá mi ló ń tọ́jú mi. Oògùn yín ń ta mí láyà, nítorí náà wọ́n ń lọ oògùn àyà títa, èyí funfun tí wọ́n ń jẹ lẹ́nu bí ẹfun, sínú mílíìkì. Òun ni mo fi ń gbé e mì, láàárọ̀ àti lálẹ́."

Apòògùn lọgun. "Ẹ fi ẹfun gbé oògùn apakòkòrò àrùn mì? Ẹfun yẹn ló ń dì í mú nínú ikùn yín, kò jẹ́ kó wọnú ẹ̀jẹ̀. Mílíìkì tún wá ń kún un lọ́wọ́. Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi?"

"Ẹ ò bi mí."

Òótọ́ ni. Ìyẹn ló sì mú kí inú túbọ̀ bí i.

"Ẹ gba ọ̀dọ̀ dókítà lọ nísinsìnyí. Bí ẹ bá dúró dọ̀la, ìka yín ń lọ nìyẹn."

Dókítà wẹ egbò, ó kọ oògùn tuntun. Apòògùn kó o fún un bí ẹni ń báni jà: "Omi lásán ni kẹ́ ẹ fi lò ó, àárọ̀ àti alẹ́. Bí àyà bá ń ta yín, ẹ fi ẹfun sí ọ̀sán, kí méjèèjì má ríra. Oògùn mìíràn tó bá tún wà, ẹ bi mí kí ẹ tó pò ó pọ̀."

Káfíńtà bẹ̀rẹ̀ sí í wá fi ọwọ́ hàn án. Ọwọ́ ń jinná, kò yéé wá.

"Ṣé ìjà náà ò tíì tán ni?" apòògùn bi í.

"Ó ti mọ́ mi lára. Bí mi ò bá gbọ́ ariwo rẹ, oorun kì í kùn mí."

*Rẹ*, kì í ṣe *yín* mọ́. Apòògùn gbọ́ ọ, ó díbọ́n bí ẹni tí kò gbọ́.

Ìyá káfíńtà, tó ti gbọ́ pé ọmọ òun fẹ́ fi apòògùn ṣaya, ló fẹ́ da omi tútù sí ọ̀rọ̀ náà. Ó já wọlé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, gèlè fẹ́ẹ̀ já bọ́.

"Ìwọ lo sọ pé mo ń ba ti ọmọ mi jẹ́. Ìwọ tó o kó oògùn fún un láìbi í léèrè, ta ló bá ọ wí? O ò ní fẹ́ ẹ níṣojú mi."

Káfíńtà, tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ káńtà, fẹ́ sọ̀rọ̀. Ìyá ní kó gbẹ́nu dákẹ́.

Apòògùn, tí kì í bẹ̀rù ẹnikẹ́ni, kúnlẹ̀. "Ẹjọ́ yín tọ́, mà. Ó yẹ kí n bi í. Ẹ jẹ́ kí n bi ẹ̀yin nísinsìnyí. Oògùn wo lẹ̀ ń lò?"

"Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru ni. Kò tilẹ̀ ṣiṣẹ́. Òyì ṣì ń kọ́ mi."

"Kí lẹ fi ń gbé e mì?"

Ìyá fa àga kan mọ́ra. Ó jókòó. "Ife mílíìkì àti ẹfun kan náà ni," ó sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́.

"Ẹ yà wọ́n sọ́tọ̀, mà. Kí dókítà sì tún wo ẹ̀jẹ̀ ríru yín."

"Mo ṣì ń bínú sí ọ."

"Ẹ máa bínú, mà. Ẹ ṣáà má fi ẹfun gbé e mì."

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu ìyá kó tó rí i mú. Ó kọjú sí ọmọ rẹ̀, ó ní, "Ẹnu rẹ̀ le ju tèmi lọ. Ṣé o lè fara dà á títí ayé?"

"Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́, mà."

Káfíńtà na ọwọ́ ọ̀tún lórí káńtà. Apòògùn fi tirẹ̀ sí i. Ìka tí kò ṣeé ká lọ́jọ́sí ká mọ́ ọn, ó dì í mú gírígírí.